Ẹnu Ọ̀nà Tí Kò Ní Kolam

Ọjọ́ kejì tí mo dé Chennai, ní oṣù kẹjọ ọdún 2022, ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ pé TikTok kì í ṣiṣẹ́ ní Íńdíà. Mo tẹ̀ ẹ́ títí, ó kọ̀. Mo rò pé nẹ́tíwọ̀kì ni. Ọmọkùnrin tó ta káàdì fóònù fún mi bú sẹ́rìn-ín, ó ní ìjọba ti gbégi lé e láti oṣù kẹfà ọdún 2020, nígbà tí àwọn àti Ṣáínà ń bá ara wọn fà á ní ẹnubodè, àti pé kò pẹ́ rárá lẹ́yìn náà tí Instagram gbé Reels dé. Gbogbo àwọn tó ń jó, tó ń se oúnjẹ, tó ń ká aṣọ, wọ́n kó ẹrù wọn lọ síbẹ̀. Èmi náà kó tèmi. Mo ní àwọn èèyàn díẹ̀ tó ń tẹ̀ lé mi, ọ̀pọ̀ wọn ọmọ Ìbàdàn bíi tèmi, mo sì ti ṣèlérí fún wọn pé màá máa fi Íńdíà hàn wọ́n lédè Yorùbá: oúnjẹ, aṣọ, ilé, ọjà. Ẹ̀kọ́ ló gbé mi lọ o, ọdún méjì gbáko. Fídíò kàn jẹ́ iṣẹ́ ọwọ́ òsì ni. Ṣùgbọ́n ẹni tí láìkì bá ti dùn mọ́ rí á mọ bí iṣẹ́ ọwọ́ òsì ṣe ń gba ọwọ́ ọ̀tún.

Ilé wíwá ni wàhálà àkọ́kọ́. Nọ́ńbà mọ́kànlá ni mo pè. Bí wọ́n bá ti gbọ́ pé ọmọ Nàìjíríà ni mí, ilé tó ṣófo ní ìṣẹ́jú kan sẹ́yìn á ti ní ayálégbé. Àwọn mìíràn ò tilẹ̀ bèèrè ìlú mi, ohun tí mò ń jẹ ni wọ́n bèèrè, torí wọ́n ti kọ ọ́ síbi ìpolówó ilé pé ẹni tí kì í jẹ ẹran nìkan ni àwọn ń fẹ́. Obìnrin kan ní Mylapore ló padà gbà mí, yàrá kan lókè ilé rẹ̀, ibi tí èèyàn ti lè fẹsẹ̀ rìn dé tẹ́ńpìlì Kapaleeswarar. Àdéhùn rẹ̀ kò pọ̀: ẹran, ẹja àti ẹyin kò gbọ́dọ̀ gba géètì wọlé. Mo ní mo gbọ́. Ẹni tó bá mọ èmi àti pańla á mọ ohun tí mo fi gba yàrá yẹn.

Maami ni gbogbo àdúgbò ń pè é. Ìyàwó arákùnrin ìyá ẹni ni orúkọ yẹn wà fún lédè Tamil, èdè àwọn ará Chennai, ṣùgbọ́n wọ́n máa ń fi pe àwọn obìnrin tó ti dàgbà díẹ̀ ní ìdílé Brahmin, ẹ̀yà tí wọ́n kà sí òkè pátápátá láàárín àwọn Híńdù. Létí tèmi, màámi ni màámi. Lọ́jọ́ kan tí èmi àti ìyá mi ń sọ̀rọ̀ lórí fóònù, Maami ké sí mi láti ìsàlẹ̀, mo sì dáhùn pé, “Maami, mò ń bọ̀!” Ìyá mi dákẹ́ lọ́hùn-ún. Ó ní, “Ta lò ń pè ní màámi?” Ó tó ọjọ́ mẹ́ta kí ó tó gbà pé n kò tíì fi ẹlòmíì pààrọ̀ òun.

Ìyá ọkọ Maami náà ń gbé inú ilé. Paati là ń pè é, ìyẹn ìyá àgbà. Lọ́jọ́ tí mo kó ẹrù dé, orúnkún mi ti kan ilẹ̀ kí n tó rò ó. Maami ta gìrì. Paati ò ta gìrì ní tiẹ̀. Ó gbé ọwọ́ lé mi lórí, ó sọ ọ̀rọ̀ gígùn kan tí n kò gbọ́ ìkankan nínú rẹ̀, mo sì ṣe àmín sí i. Láti ọjọ́ yẹn ló ti gbà pé ẹni tó kọ́ mi nílé kọ́ mi re.

Èdè wọn tètè yé mi níbi tí mi ò lérò. Bí a ṣe ní “ìwọ” àti “ẹ̀yin” náà ni wọ́n ní nee àti neenga. Ẹni tó bá pe àgbà ní nee, ojú tí wọ́n á fi wò ó, irú rẹ̀ wà ní Ìbàdàn. Èyí tó wá pa mí lẹ́rìn-ín jù ni ti ìdágbére. Ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, mo ń jáde lọ sílé-ẹ̀kọ́, mo fi Tamil jágbajàgba sọ fún Maami pé poren, mo ń lọ. Mo ti dé géètì nígbà tó pè mí padà. Ó ní a kì í sọ bẹ́ẹ̀. Poyittu varen là ń sọ: mo ń lọ, mo ń bọ̀. Ẹni tó bá ní òun ń lọ láì ní òun ń bọ̀, níbo ló ń lọ? Mo dúró síbẹ̀, mo ń rẹ́rìn-ín, torí ohùn ìyá mi àgbà ni mo gbọ́. Àbí kí ni “ó dàbọ̀” wa ń sọ? Mo fi ṣe fídíò lálẹ́ ọjọ́ náà, àwọn ará ilé sì pín in kiri títí.

Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Nǹkan ò wọ́n mi láti yà. Mo ya ògìdì òkúta tí wọ́n fi ń lọ ìrẹsì àti ẹ̀wà tí wọ́n ti rẹ, tí wọ́n á fi sílẹ̀ di ọjọ́ kejì kó kan kí wọ́n tó fi se idli. Òórùn kíkan yẹn lówùúrọ̀, bí ògì ni, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ pa mí lẹ́kún lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Mo ya àwọn tó ń ta òdòdó jásímínì tí wọ́n sín bí ìlẹ̀kẹ̀, tí wọ́n ń fi apá ara wọn wọ̀n, láti igbọ̀nwọ́ dé orí ìka. Maami ní kí n máa wá ẹni tí apá rẹ̀ gùn. (Ó dára ju gbogbo ìmọ̀ràn tí wọ́n fún mi ní yunifásítì lọ.) Mo ya kọfí. Wọ́n ń fi irin oníhò kan tí wọ́n tò lé ara wọn sẹ́ ẹ mọ́jú, omi rẹ̀ á dúdú, á ki bí àgbo, wọ́n á fi mílíìkì gbígbóná sí i, wọ́n á máa gbé ife sókè sódò, láti inú ife sínú àwo kékeré rẹ̀, títí tí yóò fi hó. Ètè kì í kan ife. Wọ́n ń dà á sẹ́nu láti òkè ni, torí itọ́ ẹni lára ife ohun ẹ̀gbin ni. Èmi náà gbìyànjú níwájú fóònù. Àyà mi ló mu kọfí yẹn. Òun sì ni fídíò tí wọ́n wò jù ní ọdún náà, ẹ wo ayé.

Ṣùgbọ́n kolam, àwòrán tí wọ́n ń fi ìyẹ̀fun yà sílẹ̀ níwájú ilé láràárọ̀, lohun tó gbà mí lọ́kàn.

Ní nǹkan bí aago márùn-ún ààbọ̀, kí ojúmọ́ tó mọ́ tán, wọ́n á ti gbá iwájú ilé, wọ́n á ti da omi sí i. Ilẹ̀ tútù yẹn ni Paati ń bẹ̀rẹ̀ lé lórí. Kì í kúnlẹ̀, kì í lóṣòó. Ẹsẹ̀ rẹ̀ á nà gbọnrangandan, ìbàdí á wà lókè, obìnrin ẹni ọdún 72. Á bu ìyẹ̀fun ìrẹsì sáàárín àtàńpàkò àti ìka, á kọ́kọ́ máa kán an sílẹ̀: tó, tó, tó, méje lórí ìlà kan, mẹ́fà ní ìsàlẹ̀ rẹ̀, márùn-ún, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀, àlàfo wọn dọ́gba láì lo rúlà. Lẹ́yìn náà ni ìlà á wá bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Á yí ẹ̀kán kan po, á kọjá lábẹ́ ìkejì, á fara han lókè ìkẹta, bí ìgbà tí onídìrí bá ń pín irun, kò ní tẹ ẹ̀kán kankan mọ́lẹ̀, títí tí yóò fi padà pàdé ibi tó ti gbéra. Ìṣẹ́jú mẹ́sàn-án. Mo fi aago wọ̀n ọ́n. Ní ìhà àríwá Íńdíà rangoli ni wọ́n ń pe irú rẹ̀, àwọ̀ oríṣiríṣi sì máa ń wà nínú tiwọn. Ti Paati funfun ni, funfun lórí ilẹ̀ tó ṣì tutù.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tí mo yà á, iná kò tó. Mo bẹ Paati pé kó tún un yà nígbà tí oòrùn bá yọ. Maami ló túmọ̀ ọ̀rọ̀ mi fún un. Paati wò mí bí ẹni tó ní kí wọ́n tún òun bí. Ó ní òwúrọ̀ òní ti ní tirẹ̀, kí n dúró de ọ̀la. Nígbà tó di ọ̀la, mo rí i yà dáadáa, ẹwà rẹ̀ wọ̀ mí lójú débi pé mo gbé àga méjì dábùú iwájú ilé kí ẹnikẹ́ni má bàa tẹ̀ ẹ́. Oníwàrà yí kẹ̀kẹ́ rẹ̀ gba ẹ̀gbẹ́ gọ́tà. Maami jáde, kò bá mi wí, ó gbé àga rẹ̀ padà sínú ilé, ó sì gba orí kolam náà kọjá lọ sọ́jà. Kí aago mẹ́wàá tó lù, kò ku nǹkan kan níbẹ̀ mọ́ bí kò ṣe ipa táyà.

Ọjọ́ kẹta ni mo wá jẹ̀bi gan-an. Èèrà bo ìyẹ̀fun náà, mo fi ìgbálẹ̀ kékeré gbá wọn dànù nítorí pé wọn ò dára nínú àwòrán. Paati pariwo. Èmi ò mọ̀ pé ó lè pariwo bẹ́ẹ̀. Èèrà ló ni ìyẹ̀fun. Ìdí tó fi kọ ìyẹ̀fun òkúta tó wà lọ́jà, tó rọ̀jù, tó tún ń ṣàn lọ́wọ́ dáadáa, nìyẹn: èèrà kì í jẹ òkúta. Èmi wá rò ó lálẹ́ pé gbogbo fídíò kolam tí mo ti ń wò láti ìgbà tí mo ti dé, kò sí èèrà kan nínú wọn. Kò sí oníwàrà. Ilẹ̀ mọ́, ọwọ́ mọ́, wúrà wà lọ́rùn ọwọ́, orin ń lọ lábẹ́lẹ̀. Ohun tí wọ́n ṣe kó lè parẹ́ ni a fi ń ṣe ohun tí kì í parẹ́.

Ẹlòmíì tún wà tí kì í sí nínú fídíò. Obìnrin tó ń gbá iwájú ilé, tó ń da omi, mo ń pè é ní Akka, ẹ̀gbọ́n obìnrin. Kò sí kolam láìsí omi rẹ̀, àmọ́ lẹ́yìn tó bá ti kúrò ni mo máa ń tan fóònù. Lọ́jọ́ kan mo tètè tàn án. Ó wọ inú fídíò pẹ̀lú kọfí tí Maami fún un, ó jókòó létí ẹ̀rọ omi ẹ̀yìnkùlé. Obìnrin kan láti Abẹ́òkúta kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀: “Ẹ̀gbọ́n, kí ló dé tí ife tiẹ̀ fi jẹ́ pílásítíìkì?” Mo lọ wò ó. Ife pílásítíìkì kan wà tó fi kọ́ sórí ìṣó létí ẹ̀rọ omi. Kì í wọ ilé ìdáná. Nǹkan ẹ̀yà ni, ìyẹn ipò tí wọ́n bí èèyàn sí, ọ̀rọ̀ ẹni tí a lè bá jẹun àti ẹni tí a kò lè bá jẹ, òfin ìlú ti fòfin de ṣíṣe èèyàn bí aláìmọ́ láti ìgbà tí ìwé òfin wọn ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1950, síbẹ̀ ìṣó náà wà lára ògiri. Bí mo ṣe ń wò ó ni mo ṣàkíyèsí pé ife tèmi náà, irin dídán tí wọ́n fi ń gbé kọfí wá fún mi láràárọ̀, orí fèrèsé ìta ló máa ń wà. Kò sí láàárín ti Maami àti Paati. Mo ti ń mu ún fún oṣù méjì.

N kò bi Maami. Mo fẹ́ràn rẹ̀, ó sì ń ṣe dáadáa sí mi; nígbà tí ọ̀bẹ gé mi níbi tí mo ti ń fọ́ àgbọn, òun ló lọ àtalẹ̀ pupa sójú rẹ̀, tó fi aṣọ dì í, tó sì fún mi ní mílíìkì àtalẹ̀ gbígbóná mu lálẹ́. N kò bi í. Mo pa fídíò náà mọ́, mo sì gbé ti mílíìkì àtalẹ̀ jáde dípò rẹ̀.

Àtalẹ̀ pupa yìí náà, ẹ jẹ́ kí n yà bàrá díẹ̀. Àwọn ṣọ́ọ̀bù ńlá òkè òkun ń ta mílíìkì rẹ̀ ní ọ̀wọ́n gógó báyìí, wọ́n sọ ọ́ lórúkọ wúrà. Ní 1995, Amẹ́ríkà fún àwọn olùwádìí ní ibùdó ìṣègùn Yunifásítì Mississippi ní páténtì, ìwé tó fi hàn pé àwọn ló hùmọ̀ fífi àtalẹ̀ pupa wo ojú ọgbẹ́. Àjọ ìwádìí ìjọba Íńdíà tí wọ́n ń pè ní CSIR gbé ẹjọ́ náà dìde, wọ́n kó àwọn ìwé àtijọ́ jáde, títí kan ti èdè Sanskrit, Amẹ́ríkà sì fagi lé páténtì náà ní 1997. Nígbà tí mo sọ ọ́ fún Paati, ó bi mí bóyá àwọn ará Amẹ́ríkà náà ti ń gé ọwọ́ kí wọ́n tó kà á nínú ìwé.

Láti àárín oṣù Kejìlá dé àárín oṣù Kìíní ni Margazhi, oṣù tí wọn kì í fi kolam ṣeré. Òtútù díẹ̀ á wà, tẹ́ńpìlì á tan orin láti ìdájí, kolam á sì gbòòrò tó fi lè gba ọ̀nà tán. Ìgbẹ́ màlúù roboto á wà láàárín rẹ̀ pẹ̀lú òdòdó elégédé lórí. Àwọn kan rò pé nǹkan ẹ̀ṣọ́ lásán ni. Mo rò bẹ́ẹ̀ títí tí ọ̀rẹ́ mi kan nílé-ẹ̀kọ́ fi sọ fún mi pé ní ìparí oṣù Kejìlá ọdún 2019, ọlọ́pàá kó àwọn kan ní Besant Nagar, ní Chennai níbẹ̀, nítorí wọ́n fi kolam kọ ọ́ sílẹ̀ pé àwọn kò fẹ́ òfin tuntun lórí ẹni tó lè di ọmọ Íńdíà. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, irú kolam yẹn ti wà níwájú ilé àwọn àgbà ẹgbẹ́ òṣèlú DMK. Ọ̀rọ̀ ni kolam ń sọ. Mo gbọ́ èyí o, mo sì tún lọ ṣe ohun tí mo ṣe.

Ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ nínú oṣù Kìíní ọdún 2023 ni. Mo jí ní aago márùn-ún, mo rin àdúgbò wa láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, fóònù lọ́wọ́, mo ń fún ilé kọ̀ọ̀kan ní máàkì bí olùkọ́. Mẹ́jọ nínú mẹ́wàá. Mẹ́sàn-án. Ti Paati, mẹ́wàá, èmi ni mo ń ṣèdájọ́ kẹ̀! Mo dé iwájú ilé kan tí wọn ò fọ̀, tí wọn ò gbá, ilẹ̀ rẹ̀ gbẹ táútáú. Mo yí fóònù sí i, mo rẹ́rìn-ín, mo ní, “Òdo! Àwọn yìí ṣì wà lórí bẹ́ẹ̀dì.” Mo kọ Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ sí ìsàlẹ̀ pẹ̀lú, nítorí àwọn ará Chennai ti ń wò mí nígbà náà, inú mi sì dùn sí i.

Kí ọ̀sán tó pọ́n, ẹnì kan kọ gbólóhùn kan sábẹ́ rẹ̀, kò bú mi: “Jọ̀ọ́ yọ ilé yẹn kúrò. Nígbà tí èèyàn bá kú, a kì í ya kolam.”

Mo pa gbogbo fídíò náà rẹ́. Mo sọ̀kalẹ̀ lọ bá Maami, mo sì jẹ́wọ́. Ó ń tò aṣọ, kò gbójú sókè. Ó ní òun ti mọ̀ láti àná. Bàbá àgbà ilé náà ni. Kò sí ẹni tó wá sọ fún òun. Òun ń lọ ra wàrà, òun rí ẹnu ọ̀nà wọn lásán, ní Margazhi, òun sì padà wá sọ fún Paati. Bẹ́ẹ̀ ni gbogbo àdúgbò ṣe mọ̀. Ẹnu ọ̀nà yẹn ló kéde, èmi nìkan tí mo ń ya gbogbo rẹ̀ ni kò gbọ́.

Mo ní mo fẹ́ lọ tọrọ àforíjì. Maami ronú sí i, ó ní òun fẹ́ lọ bá wọn kẹ́dùn lọ́jọ́ kejì, kí n wẹ̀, kí n má fi òdòdó sórí, kí n má mú nǹkan kan dání. Nígbà tí a débẹ̀, kò sí ẹni tó sọ fún wa pé vaanga, ẹ wọlé, ọ̀rọ̀ tí a ń gbọ́ ní ẹnu gbogbo ọ̀nà. A kàn wọlé ni. Àwọn obìnrin jókòó sílẹ̀. Maami lọ di ìyàwó olóògbé mú, wọ́n sunkún papọ̀, mo sì jókòó lẹ́yìn, mo ń ka táìlì ilẹ̀. Nígbà tó ṣe, mo súnmọ́ ìyàwó ọmọ wọn, mo fi Tamil tí mo ti há sórí láti òru sọ fún un pé kó dárí jì mí nítorí fídíò. Ó wò mí. Ó ní òun ti rí i. Kò ní kò burú, kò sì ní ó burú. Ó sún díẹ̀ lórí ẹní kí n lè ráyè jókòó dáadáa.

Nígbà tí Maami dìde, mo dìde. Mo yíjú sí ìyá àgbà náà, mo tẹríba, ẹnu mi sì ti ń là fúnra rẹ̀, “Poyittu…” Maami di ọrùn ọwọ́ mi mú, ó fún un pinpin. Mo gbé e mì. A jáde láìsọ̀rọ̀, a wọ bàtà wa lẹ́nu ọ̀nà gbígbẹ yẹn, a sì rìn dé ilé láì bá ara wa sọ nǹkan kan.

Akka ti gbé bàkẹ́ẹ̀tì omi méjì sí ẹ̀yìnkùlé. Maami ní a ò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan ilẹ̀kùn kí a tó wẹ̀. Ó da tirẹ̀ sórí tòun ti sárì. Akka gbé ìkejì sókè, ó ní kí n bẹ̀rẹ̀ díẹ̀ nítorí pé mo ga jù ú lọ.